Fíìmù kan ṣoṣo ni ìyá àgbà mi ṣe: kí ló dé tí kò sí òmíràn?

Ìbéèrè: "Ẹ káàsán sà. Ìyá tó bí ìyá mi di olóògbé lọ́dún tó kọjá ní Ẹ̀bútẹ́-Mẹ́tta. Nígbà tí à ń palẹ̀ ẹrù wọn mọ́, a rí fọ́tò kan nínú Bíbélì wọn. Òfì ni wọ́n wọ̀, wọ́n so iyùn mọ́rùn, ọmọkùnrin kan sì na pátákó dúdú kan síwájú wọn tí wọ́n fi ṣọ́ọ̀kì kọ R 14, S 32, T 5 sí. Wọ́n kọ 'Ẹ̀pẹ́, 1982' sẹ́yìn rẹ̀. Ìyá mi ní òótọ́ ni, wọ́n ṣe fíìmù kan kí òun tó wọ sẹ́kọ́ńdìrì, bàbá àgbà ló ní kí wọ́n jáwọ́. Kò rántí orúkọ fíìmù náà. Mo ti wá orúkọ ìyá àgbà lórí íntánẹ́ẹ̀tì títí, n kò rí nǹkan kan. Orin kan ṣoṣo ni gbogbo wa rántí: láràárọ̀, bí wọ́n bá ń lọ ata, wọ́n á máa kọ ọ́, wọ́n á gbé ẹsẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹta sọ́tùn-ún, lẹ́ẹ̀mẹta sósì, orin tó ń kí àwọn èèyàn pé ẹ káàbọ̀, ẹ jókòó, ẹ fọkàn balẹ̀. Ṣé òṣèré tòótọ́ ni wọ́n, àbí wọ́n kàn ṣe é lẹ́ẹ̀kan ni? Kí ló dé tó fi jẹ́ ẹyọ kan?" Láti Ṣómólú.

Ìdáhùn:

Ọmọ mi, ẹ kú àṣẹ́yìndè ìyá. Ọlọ́run á dá ìyá tìrẹ sí fún ọ.

Òṣèré tòótọ́ ni wọ́n. Kì í ṣe fọ́tò yẹn ló jẹ́ kó dá mi lójú, orin àárọ̀ tí o fi parí lẹ́tà rẹ ni. Ẹnikẹ́ni tó bá bá ẹgbẹ́ eléré rìn ní nǹkan bí ogójì ọdún sẹ́yìn, bó bá ka ohun tí o kọ, á dá a mọ̀ lójú ẹsẹ̀. Ópínìn-gílì ni. Kí eré tó bẹ̀rẹ̀ rárá, àwọn obìnrin ẹgbẹ́ á tò jáde, aṣọ kan náà lọ́rùn gbogbo wọn, wọ́n á kọrin kí àwọn tó wá wòran, wọ́n á dárúkọ ẹgbẹ́ àti ọ̀gá wọn, wọ́n á sì jó wọlé padà. Ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan ló ní tirẹ̀. Ẹni tí wọ́n kàn pè láti ìta pé kó wá fojú hàn nínú fíìmù lọ́jọ́ kan kò ní mọ̀ ọ́n. Ẹni tó ti jó o lálaalẹ́ fún ọdún bíi mélòó kan ni ẹsẹ̀ rẹ̀ á ṣì máa gbé e nídìí ọlọ ní ọjọ́ ogbó.

Nítorí náà, mo fẹ́ bá ọ tún ìbéèrè rẹ kejì ṣe díẹ̀. O ní kí ló dé tí iṣẹ́ wọn fi jẹ́ fíìmù kan. Lójú tèmi, iṣẹ́ wọn gùn ju bẹ́ẹ̀ lọ dáadáa. Fíìmù kan ló kàn ṣẹ́kù lára rẹ̀ tí ẹ rí kà.

Orí ìtàgé ni iṣẹ́ gan-an wà. Èkó níbí ló ti gbéra: Hubert Ògúndé, tó ṣì jẹ́ ọlọ́pàá nígbà náà, ṣe eré Ọgbà Édẹ́nì fún ìjọ Aládùúrà kan ní Ẹ̀bútẹ́-Mẹ́tta yín yẹn, wọ́n sì gbé e jáde ní Glover Hall ní oṣù kẹfà ọdún 1944. (Glover Hall kan náà ni wọ́n ti kọ́kọ́ fi sinimá hàn ní Nàìjíríà, ní 1903.) Lẹ́yìn rẹ̀ ni ẹgbẹ́ eléré wá pọ̀ bí eéṣú. Ọ̀sẹ̀ kan kì í kọjá kí lọ́rì wọn má gbéra, Ìjẹ̀bú lónìí, Ọ̀ṣun lọ́la, kí wọ́n tó tún padà sí Mushin tàbí Agége. Obìnrin tó bá wà nínú lọ́rì yẹn fún ọdún mẹ́wàá ti ṣeré lójú ẹgbẹẹgbẹ̀rún èèyàn, kò sì sí kámẹ́rà kankan níbẹ̀ tó ká a sílẹ̀. Nígbà tí Àjàní Ògún jáde ní 1976, tí Ọlá Balógun darí, tí Adéyẹmí Afọláyàn tí a ń pè ní Ade Love sì ṣe olú ẹ̀dá ìtàn, gbogbo ọ̀gá eléré ló fẹ́ ṣe fíìmù. Ṣùgbọ́n mélòó ni ẹgbẹ́ tó lágbára rẹ̀? Ẹgbẹ́ tó bá ṣe méjì ti ṣe bẹbẹ. Púpọ̀ nínú wọn ṣe ẹyọ kan, gbèsè rẹ̀ sì dá wọn dúró. Obìnrin tó bá wà nínú irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀, fíìmù kan náà ni wọn yóò bá lọ́wọ́ rẹ̀, bó ti wù kó mọ eré ṣe tó.

Ní báyìí, jẹ́ ká jọ wo fọ́tò rẹ, torí ọ̀rọ̀ wà lára pátákó yẹn.

Kílápà la ń pè é. R ni ìdì fíìmù tó wà nínú kámẹ́rà lọ́wọ́lọ́wọ́, S ni ìran tí wọ́n ń yà, T ni iye ìgbà tí wọ́n ti ya ibi kan náà. Ìdì kẹrìnlá, ìran kejìlélọ́gbọ̀n, ìgbà karùn-ún. Karùn-ún yẹn ni kí o tẹjú mọ́. Fíìmù tí fífẹ̀ rẹ̀ jẹ́ mìlímítà 16 ni ọ̀pọ̀ eléré ń lò, ìdì rẹ̀ kan tó gùn ní ẹsẹ̀ bàtà 400 kì í sì ju nǹkan bí ìṣẹ́jú 11 lọ. Òkè òkun ni wọ́n ti ń rà á, London ni ọ̀pọ̀ wọn sì tún ń kó o padà lọ fọ̀. Lóko eré, mo ti rí ọ̀gá tó fẹ́rẹ̀ẹ́ sunkún nítorí pé ewúrẹ́ ké níbi tí kò yẹ, ó sì di dandan kí wọ́n tún ibẹ̀ yà. Irú ọ̀gá bẹ́ẹ̀, bí ipa kan kò bá já mọ́ nǹkan, bí wọ́n bá yà á lẹ́ẹ̀kan tó bá ṣe é wò, á ní ká máa lọ. Kó tó lè gbà kí wọ́n yà á lẹ́ẹ̀karùn-ún, ó ní láti jẹ́ pé ibẹ̀ wà lára ohun tí ìtàn náà dúró lé. Ẹni tó ṣàṣìṣe lè má jẹ́ ìyá àgbà rárá, ó lè jẹ́ ẹni tí wọ́n jọ ń sọ̀rọ̀, ó lè jẹ́ iná. Àmọ́ àwọn ni wọ́n dúró síwájú kámẹ́rà nígbà tí wọ́n gbé kílápà náà sókè, kì í ṣe èrò ẹ̀yìn. Aṣọ òfì àti iyùn náà tún gbè é lẹ́sẹ̀: àpótí ẹrù ẹgbẹ́ ni irú nǹkan bẹ́ẹ̀ ti ń jáde, wọn kì í sì í gbé e wọ ẹni tó kàn ń kọjá lọ.

Wàá fẹ́ mọ ibi tí fíìmù náà wà. Ibí yìí ni ọ̀rọ̀ ti ń dùn mí, nítorí mo wà níbẹ̀, mo sì lọ́wọ́ nínú rẹ̀.

Èmi ni mo ń wa ẹ̀rọ sinimá fún ẹgbẹ́ kan ní ọdún wọ̀nyẹn. Nígbà Iléyà, nígbà Kérésì, nígbà Àjíǹde, a ó gbé fíìmù lọ sí Iganmu, sí tíátà ìjọba tí wọ́n ti fi orúkọ Wọlé Ṣóyínká pè báyìí, èrò á kún bámúbámú. Lẹ́yìn ọdún, a ó di ẹ̀rọ, jẹnẹrétọ̀ àti àgolo fíìmù sẹ́yìn ọkọ̀, ó di ìlú dé ìlú. Ọ̀gá fúnra rẹ̀ á jókòó sẹ́nu ọ̀nà, ọmọ rẹ̀ á máa gba tíkẹ́ẹ̀tì, torí kò fọkàn tán ẹnikẹ́ni. Ẹ̀dà kan ṣoṣo la ní. Bó bá já lójijì nínú ẹ̀rọ, àwọn èèyàn á máa hó, èmi á tan tọ́ọ̀ṣì sẹ́nu, màá fi àlùmọ́gàjí gé ibi tó bàjẹ́ kúrò, màá ha etí rẹ̀ méjèèjì, màá kun àtè rẹ̀, màá tẹ̀ ẹ́ pọ̀ títí yóò fi gbẹ. Ẹsẹ̀ bàtà kan fíìmù yẹn, àwòrán 40 ló wà lórí rẹ̀. Ojú kò ní tètè mọ̀ ọ́n, torí kò tó ìṣẹ́jú àáyá méjì.

Obìnrin kan wà nínú fíìmù tiwa. Yóò gbé igbá omi wá síwájú ọba, yóò kúnlẹ̀, yóò dìde, bó bá ku díẹ̀ kó jáde, yóò bojú wẹ̀yìn. Bíbojú wẹ̀yìn yẹn ni gbogbo èrò máa ń dákẹ́ fún. Ní hóòlù kan ní Mainland níbí ní Èkó, ẹ̀rọ tí wọ́n ní ká lò kò dára, ibẹ̀ yẹn gan-an ló sì já. Mo gé e, mo so ó. Ó tún já níbòmíràn, mo tún gé e. Nígbà tí yóò fi di Iléyà kejì, obìnrin náà á kúnlẹ̀, á dìde, ó ti bọ́ sí ìta. Kò bojú wẹ̀yìn mọ́. Àwọn tó wòran lọ́dún náà kò mọ̀ pé ohunkóhun sọnù. Ọwọ́ mi yìí ni mo fi gé e, n kò sì fi àwọn ègé yẹn pamọ́. Àtìgbà náà, tí wọ́n bá sọ pé obìnrin kan "kàn fara hàn díẹ̀" nínú fíìmù àtijọ́, mo máa ń bi wọ́n pé ẹ̀dà ọdún wo ni wọ́n wò.

Èyí tí àlùmọ́gàjí kò pa, ooru Èkó pa á. Bí o bá ṣí àgolo fíìmù tó ti pẹ́, tí òórùn kíkan bíi fínígà bá yọ sí ọ nímú, ara fíìmù náà ló ń jẹrà, á máa súnkì, á máa ká kò. Àwọ̀ rẹ̀ náà á ṣí. Aró á lọ, àwọ̀ ewé á lọ, pupa nìkan ni yóò kù, tí ojú gbogbo èèyàn inú rẹ̀ á dà bíi pé wọ́n kun osùn. Bí ẹ bá rí àgolo kankan nínú ẹrù ìyá àgbà tàbí lọ́dọ̀ àwọn ọmọ ọ̀gá wọn, ẹ jọ̀wọ́, ẹ má tú u, ẹ má sì gbé e sórí ẹ̀rọ láti dán an wò. Ẹ gbé e síbi tútù tí kò lómi, kí èyí tó ń rùn má wà pẹ̀lú èyí tí kò rùn.

Má tíì sọ̀rètí nù lórí fíìmù náà. Ní Ìkòyí, nínú ilé iṣẹ́ fíìmù ìjọba tí wọ́n ti pa tì, Didi Cheeka, ọ̀kan lára àwọn tó ń ṣe fíìmù, bá ọ̀pọ̀lọpọ̀ àgolo tó ń jẹrà. Shaihu Umar tí Adamu Halilu ṣe ní 1976, gbogbo èèyàn ti gbà pé ó ti sọnù. Ilé ìpamọ́ fíìmù ìjọba àpapọ̀ ní Jos ni wọ́n ti rí i, wọ́n tún un ṣe ní Jámánì, wọ́n sì fi hàn ní àjọ̀dún fíìmù Berlin ní 2018.

Ó kan bàbá àgbà. Mo mọ̀ pé ó rọrùn láti di gbogbo ẹ̀bi rù wọ́n, ó sì ṣeé ṣe kó jẹ́ pé lóòótọ́ ni wọ́n ní kí ìyá àgbà jáwọ́. Àmọ́ ẹ kọ́kọ́ wo irú iṣẹ́ tó jẹ́. Láti ìgbà Ògúndé ni obìnrin ti jẹ́ ìṣòro ọ̀gá eléré. Òbí kì í fẹ́ kí ọmọ wọn ṣe eléré, torí lójú wọn alágbe ni eléré. Èyí tó bá sì gbà, bó bá lọ́kọ síta, ọjọ́ tí ọkọ bá bínú ni ipa tí wọ́n ti fi oṣù mẹ́fà kọ́ ọ á ṣófo. Ohun tí Ògúndé ṣe sí i kò pamọ́: ó ń fẹ́ àwọn òṣèrébìnrin rẹ̀, kí ẹgbẹ́ má baà tú. Ọ̀pọ̀ ọ̀gá tẹ̀ lé e. Nípa bẹ́ẹ̀, obìnrin tó fẹ́ pẹ́ nídìí iṣẹ́ ní láti jẹ́ ìyàwó ọ̀gá tàbí ìyàwó òṣèré ẹgbẹ́ rẹ̀. Èyí tó bá lọ́kọ tó jẹ́ oníṣòwò tàbí òṣìṣẹ́ rélùwéè, bí tiyín ní Ẹ̀bútẹ́-Mẹ́tta ṣe lè jẹ́, ẹ wo ohun tí à ń béèrè lọ́wọ́ ọkọ yẹn: kó gbà kí ìyàwó rẹ̀ máa sùn lójú ọ̀nà lálẹ́ mẹ́rin lọ́sẹ̀, kó máa tọ́jú ọmọ, kó sì máa gbọ́ ohun tí ará àdúgbò ń sọ, nígbà tí owó tó ń wọlé kò ju owó oúnjẹ àti ìpín díẹ̀ lọ. Mo bọ̀wọ̀ fún àwọn ọkọ tó gbà fún ọdún kan pàápàá.

Èkejì, ẹ wo ọdún tó wà lẹ́yìn fọ́tò. Oṣù kẹrin 1982 ni ìjọba Shagari ṣòfin láti dín ohun tó ń wọlé láti òkè òkun kù. Fíìmù tí wọn kò tíì fi ya nǹkan kan, iṣẹ́ fífọ̀ rẹ̀, tíkẹ́ẹ̀tì ọkọ̀ òfúrufú, gbogbo rẹ̀ ló fẹ́ owó ilẹ̀ òkèèrè. Ọdún yẹn náà ni Baba Sàlá gbé Ọ̀run Móoru jáde, àwọn olè fi kásẹ́ẹ̀tì fídíò ṣe ẹ̀dà rẹ̀, baba náà sì wọ gbèsè tó gbòòrò. Bí ọ̀gá ńlá bẹ́ẹ̀ bá lè ṣubú, ẹgbẹ́ kékeré ńkọ́? Nígbà tó fi máa di oṣù kẹsàn-án 1986 tí náírà já wálẹ̀ nínú ọjà pàṣípààrọ̀ tuntun, kò sí ẹgbẹ́ kékeré tó tún lè ronú kan London mọ́. Lẹ́yìn rẹ̀ ni àwọn bíi Muyideen Aromire bẹ̀rẹ̀ sí í fi kámẹ́rà fídíò ya eré. Ó lè jẹ́ pé ẹgbẹ́ ìyá àgbà ti tú kí bàbá àgbà tó la ẹnu. Mo ti bá ìyá tó ju ẹyọ kan lọ sọ̀rọ̀, tí wọ́n á ní ọkọ àwọn ló dá àwọn dúró, tí ìtàn bá sì dé ìdí rẹ̀, wàá rí i pé lọ́rì ti bàjẹ́, ọ̀gá ti sá fún olówó, kò sí ibi tí wọn ìbá padà sí. Ó ń ro wọ́n lára láti sọ pé iṣẹ́ tú, ó sàn kí wọ́n ní ọkọ ló ní kí àwọn fi í sílẹ̀. Bi ìyá rẹ pé: ọdún wo gan-an ni ìyá àgbà kò tún gbé àpò jáde nílé mọ́?

Ti orúkọ tí o kò rí. Orúkọ wo lo fi wá wọn? Bó bá jẹ́ èyí tó wà lórí ìwé ìsìnkú wọn, má fi jẹ ara rẹ níyà. Orúkọ ipa ni èrò ń pe òṣèré. Fọlákẹ́ Àrẹ̀mú, Òrìṣàbùnmi ni gbogbo ayé mọ̀ ọ́n sí, orúkọ ipa tó kó nínú eré Àrélù ni. Mélòó nínú àwọn tó fẹ́ràn Ìyá Ràìnbò ló mọ̀ pé Ìdòwú Philips ni? Lórí pósítà, orúkọ ẹgbẹ́ àti ti ọ̀gá ló ń gba gbogbo àyè, obìnrin á di "àti àwọn mìíràn". Àwọn tó ń to orúkọ fíìmù sórí íntánẹ́ẹ̀tì, irú pósítà bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń kọ jáde. Béèrè lọ́wọ́ àwọn ọ̀rẹ́ ìyá àgbà ní ṣọ́ọ̀ṣì, àwọn tó dàgbà jù, orúkọ tí wọ́n fi ń yọ wọ́n lẹ́nu nígbà èwe. Yẹ̀yẹ́ yẹn ló máa ń jẹ́ orúkọ ipa wọn.

Lẹ́yìn náà, lọ wá Atọ́ka. O lè má mọ̀ ọ́n, ìyá rẹ á mọ̀ ọ́n. Ìwé ìròyìn tí wọ́n ń tẹ̀ níbí ní Èkó ni, tó ń fi fọ́tò sọ eré àwọn ẹgbẹ́ alárìnjó, ọ̀rọ̀ òṣèré kọ̀ọ̀kan á wà lára àwòrán rẹ̀. Ó bẹ̀rẹ̀ ní àárín ọdún 1960 sí 1970, ó sì pẹ́ lórí àtẹ. Níbi tí fíìmù ti ṣègbé, ojú àwọn obìnrin wa wà nínú Atọ́ka, kedere, ní dúdú àti funfun. Òfin ní kí gbogbo atẹ̀wé fi ẹ̀dà ìwé rẹ̀ ránṣẹ́ sí ilé ìkàwé ìjọba àpapọ̀, ẹ̀ka rẹ̀ kan sì wà ní Yábàá, kò jìnnà sí ọ rárá. Lọ láàárọ̀, mú fọ́tò náà dání, má fi orúkọ wá wọn, ojú ni kí o máa wá. Béèrè fún ìwé ìròyìn Gbohùngbohùn tí ilé iṣẹ́ Sketch ń tẹ̀ ní Ìbàdàn nígbà náà, àti ìwé ìròyìn Lagos Weekend, láti 1978 sí 1985. Ojú ewé ìpolówó eré ọdún Iléyà àti Àjíǹde ni kí o kọ́kọ́ ṣí.

Yọ fọ́tò náà kúrò nínú Bíbélì. Ìwé Bíbélì àtijọ́ máa ń ta àwọ̀ sí i lára. Fi sínú àpò ìwé funfun, kí o sì wo igun ẹ̀yìn rẹ̀ nísàlẹ̀ bóyá òǹtẹ̀ ayafọ́tò wà níbẹ̀. Bó bá wà, kọ orúkọ ilé fọ́tò náà sí mi.

Orin yẹn ló ṣe kókó jù. Orúkọ ẹgbẹ́ wà nínú ópínìn-gílì, ó sábà máa ń jẹ́ ní ẹsẹ kejì tàbí ìkẹta, ẹsẹ tí ẹ̀yin ọmọ kì í gbọ́ parí torí ẹ ti sáré lọ síléèwé. Jẹ́ kí ìyá rẹ kọ ọ́ sínú fóònù. Kí wọ́n má jókòó o, kí wọ́n dìde, kí wọ́n gbé ẹsẹ̀ náà, mẹ́ta sọ́tùn-ún, mẹ́ta sósì, bóyá ìyókù ọ̀rọ̀ á wá. Bí kò bá wá náà, fi èyí tí ẹ bá rí ránṣẹ́ sí mi. Mo mọ ìyá méjì kan ní Mushin tí wọ́n wà nínú lọ́rì ní 1982. Ọjọ́ Àìkú tó ń bọ̀ ni mo fẹ́ lọ kí wọn.